Lẹ́tà “h” kan láàárín pásípọ́ọ̀tù àti NIN

Màmá kan tó ń ta àdìrẹ ní ọjà Ìtòkú, l'Abẹ́òkúta, ló kọ̀wé sí mi lọ́sẹ̀ tó kọjá. Mo gé ọ̀rọ̀ wọn kúrú díẹ̀: “Alàgbà, ẹ kú iṣẹ́ o. Pásípọ́ọ̀tù ọlọ́dún márùn-ún tí mo fi ń lọ tajà ní Ghana ku oṣù mẹ́rin kó parí. Ọmọ mi obìnrin tó wà ní Kánádà ti lóyún, ó fẹ́ kí n wá bá òun wẹ ọmọ. Ó ní orí fóònù lòun ti ṣe tòun láìdìde nílé, kí èmi náà ṣe bẹ́ẹ̀. Mo lọ bá ọmọkùnrin kan tó ní ṣọ́ọ̀bù kọ̀ǹpútà ládùúgbò wa, ó ní kí n mú ₦180,000 wá, pé mi ò ní í dé ọ́fíìsì kankan. Nígbà tó yẹ NIN mi wò, Folashade ló bá níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ Folasade ló wà nínú pásípọ́ọ̀tù. Ó ní ìyẹn ò le, òun á kúkú fi ṣe tuntun, bí ẹni tí kò gbà á rí. Ṣé kí n sanwó fún un?”

Màmá, ẹ kú oríire. Ọlọ́run á sọ ọ́ kalẹ̀ tọmọtìyá. Ẹ má tíì sanwó fún un o. Mo mọ̀ pé owó tó béèrè ló ń dùn yín, àmọ́ owó kọ́ ló bà mí lẹ́rù nínú lẹ́tà yín. Gbólóhùn rẹ̀ tó kẹ́yìn ni, pé òun á fi ṣe tuntun. Ẹni tó bá sọ bẹ́ẹ̀ fún oníbàárà tó ti ní pásípọ́ọ̀tù lọ́wọ́, nínú kó má mọ iṣẹ́ náà tàbí kó mọ̀ ọ́n jù, ọ̀kan ni. Màá dé orí ìyẹn. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ tú ti ọmọ yín ná, torí òun ló jẹ́ kó dà bíi pé ẹ̀yin lẹ ò mọ ohun tó yẹ kẹ́ ẹ ṣe.

Ọmọ yín ò purọ́. Iléeṣẹ́ Immigration ti Nàìjíríà ṣe ètò kan fún àwọn èèyàn wa tó wà lókè òkun, Kánádà gan-an ni wọ́n sì ti kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, ní oṣù kọkànlá ọdún 2024, kó tó dé Yúróòpù lọ́dún tó tẹ̀ lé e. Èèyàn á gba áàpù wọn sórí fóònù, á fi ya ojú ara rẹ̀, á tún fi kámẹ́rà fóònù náà ya ìka ọwọ́ rẹ̀, ó parí, ilé ni ìwé máa bá a. Ohun tó mú wọn ṣe é ni pé Ottawa ni ilé aṣojú ìjọba wa wà. Ẹni tó ń gbé Calgary ní láti wọ bàálù lọ síbẹ̀, kó gba hòtẹ́ẹ̀lì, kó gbàyè níbi iṣẹ́, nítorí kí wọ́n lè tẹ ìka rẹ̀ fún ìṣẹ́jú márùn-ún. Nílé níbí, ọ̀rọ̀ ò rí bẹ́ẹ̀. Ohun tí a ń pè ní orí íntánẹ́ẹ̀tì lọ́dọ̀ tiwa ni pé láti oṣù kìíní ọdún 2024, ẹ lè kọ fọ́ọ̀mù, kí ẹ sanwó, kí ẹ fi fọ́tò àti àwọn ìwé yín ránṣẹ́ lórí ìkànnì wọn, láìsí pé ẹ ń ṣe fọ́tókọ́pì fáìlì gọbọi kiri. Ṣùgbọ́n ìtẹ̀ka ṣì kù, ọ́fíìsì wọn l'Abẹ́òkúta yín ni wọ́n sì ti máa ṣe é, lọ́jọ́ tí ẹ bá mú fúnra yín. Nítorí náà, bí ẹnikẹ́ni bá ní ẹ ò ní í dé ibì kankan, ẹ bi í léèrè pé ìka ta ni òun fẹ́ tẹ̀.

Ó di ọ̀rọ̀ “tuntun” wàyí. Nígbà tí ẹ bá ṣí ìkànnì náà, ọ̀nà méjì ló máa gbé síwájú yín. Ọ̀kan jẹ́ “Fresh”, ti ẹni tí kò ní pásípọ́ọ̀tù Nàìjíríà rí láyé rẹ̀. Ìkejì jẹ́ “Reissue”, ti ẹni tó ti ní in, tó fẹ́ gbà á padà, ìbáà ṣe pé ó parí, ó sọnù, ó ya, ojú ewé rẹ̀ tán, tàbí ó fẹ́ yí orúkọ padà. Reissue ni tiyín. Ohun tó ń mú àwọn ọmọ ṣọ́ọ̀bù sá fún un ni pé ó máa ń béèrè nọ́ńbà ìwé àtijọ́, ó sì máa ń wá orúkọ ibẹ̀ wé ti NIN. Bí méjèèjì ò bá dọ́gba, yóò dúró. Fresh ò ní ìwé àtijọ́ tó fẹ́ wò, nítorí náà kíá ló máa ń kọjá, owó á wọlé, oníbàárà á dúpẹ́. Ẹ̀yìn ìtẹ̀ka ni wàhálà tó ń yọjú.

Mo mọ̀ torí èmi náà ti ṣe é rí. Nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ kíkọ fọ́ọ̀mù fún èèyàn, àbúrò ìyàwó mi gbé ìwé rẹ̀ wá, nọ́ńbà ò jáde dáadáa, mo bá fi Fresh ṣe é fún un. Mo rò pé mo gbọ́n. Ó tẹ̀ka tán, ọ̀sẹ̀ ń gorí ọ̀sẹ̀, ìwé ò jáde. Nígbà tí a padà lọ, ọ̀gá tó wà nídìí kọ̀ǹpútà kò sọ̀rọ̀, ó kàn yí ojú ẹ̀rọ náà sọ́dọ̀ wa. Fọ́tò méjì ló wà níbẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, ọ̀kan ní irùngbọ̀n, ọ̀kan kò ní, ìka mẹ́wàá kan náà lábẹ́ méjèèjì. Ó wá ní, “Èwo ni ẹ̀yin nínú àwọn méjì yìí?” Àbúrò ìyàwó mi ń wò mí, mo ń wo ilẹ̀. A lọ búra ní kóòtù, a kọ lẹ́tà àlàyé, a tún fi Reissue bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Owó àkọ́kọ́ sì lọ pátápátá, nítorí wọn kì í dá owó pásípọ́ọ̀tù padà. Èmi ni mo san ìkejì. Ìka yín ti wà lọ́dọ̀ wọn, màmá, kò sí bí ẹ ṣe lè di ẹni tuntun mọ́.

Ẹ wo orúkọ yín wàyí, torí ibẹ̀ gan-an ni gbogbo ẹ̀ so kọ́. Lédè wa, Fọláṣadé lẹ̀ ń jẹ́. Àmì kékeré abẹ́ ṣ yẹn ló dá gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Àtilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ló ti ń bọ́ sílẹ̀. Olùkọ́ kan á kọ Folasade láìwẹ̀yìn, òmíràn tó fẹ́ kí àjèjì rí i pè bó ṣe yẹ á ti h bọ àárín rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni Ṣẹ́gun kan náà á jẹ́ Segun nínú ìwé ẹ̀rí, á jẹ́ Shegun ní bánkì, tí Ṣọlá á jẹ́ Sola lónìí, á jẹ́ Shola lọ́la. Etí wa ò rí ìyàtọ̀ kankan níbẹ̀, pàápàá àwa tá a gbọ́njú sí Ìbàdàn, tí wọ́n ti fi ọ̀rọ̀ s àti ṣ bú tẹ́lẹ̀tẹ́lẹ̀. Kọ̀ǹpútà ò ní etí ní tiẹ̀. Lẹ́tà ló ń kà. Ti pásípọ́ọ̀tù yín jẹ́ lẹ́tà mẹ́jọ, ti NIN jẹ́ mẹ́sàn-án, lójú tirẹ̀ ẹni méjì nìyẹn. Ẹ má sì dá ara yín lẹ́bi. Ẹ rántí bí a ṣe gba NIN yẹn. Oṣù kejìlá ọdún 2020 ni ìjọba ní àwọn máa ti síìmù ẹni tí kò bá ní in. Gbogbo ayé bá rọ́ lọ, nínú kòrónà, oòrùn ń pa wá lórí ìlà. Èèyàn á dáhùn orúkọ rẹ̀ láti inú ìbòmú, òṣìṣẹ́ á tẹ ohun tí etí rẹ̀ bá gbé, ẹni tó bá sì bẹ̀bẹ̀ pé òun fẹ́ wo ojú kọ̀ǹpútà, èrò ẹ̀yìn á ti máa pariwo lé e lórí.

Èwo wá ni ká tún ṣe nínú méjèèjì? Èrò àwọn èèyàn ni pé NIN lọ̀gá, nítorí náà kí pásípọ́ọ̀tù lọ bá a. Kì í fi gbogbo ìgbà rí bẹ́ẹ̀. Bí ẹ bá fẹ́ kí pásípọ́ọ̀tù di Folashade, ìyípadà orúkọ nìyẹn, ẹ ó sì wá ìwé ìbúra kóòtù àti ìkéde nínú ìwé ìròyìn, kí ẹ tó tún wá máa bá bánkì fa ọ̀rọ̀. Ohun tí mo máa ń ní kí àwọn èèyàn ṣe ni pé kí wọ́n kó gbogbo ìwé wọn sórí tábìlì kan, kí wọ́n wo èyí tí ọ̀pọ̀ ń jẹ́. Ìwé kan tiẹ̀ wà tó ṣe pàtàkì ní tiyín, tí ọmọ ṣọ́ọ̀bù yẹn ò lè ronú kàn: ìwé ẹ̀rí ìbí ọmọ yín. Nígbà tí ẹ bá ń wá físà Kánádà, ọmọ yín ló máa kọ lẹ́tà pè yín, ìwé ìbí rẹ̀ ni yóò sì fi hàn pé ẹ̀yin lẹ bí i. Orúkọ ìyá tó wà níbẹ̀, ṣé ó ní h àbí kò ní? Ìwé ìṣirò owó yín ní bánkì náà ńkọ́? Bí ìwọ̀nyí bá jẹ́ Folasade bíi ti pásípọ́ọ̀tù, NIN ni àjèjì láàárín wọn, òun ni kí ẹ tún ṣe. Bó bá jẹ́ pé h ló pọ̀ jù níbẹ̀, a jẹ́ pé pásípọ́ọ̀tù ló máa yí padà, bó ti wù kó ni wá lára tó. Mi ò rí ìwé yín, mo kàn ń fọkàn sí i pé ti àkọ́kọ́ ni.

Títún orúkọ ṣe lára NIN ò le púpọ̀. Láti oṣù karùn-ún ọdún 2025, ₦2,000 ni àjọ NIMC ń gbà fún un, ẹ lè ṣe é lórí ìkànnì wọn tàbí kí ẹ lọ sí ọ́fíìsì wọn. Ẹ dúpẹ́ pé kì í ṣe ọjọ́ ìbí ló ṣì. Ìyẹn ₦28,574 ni, ẹ ó sì tún gba ìwé ẹ̀rí lọ́dọ̀ àjọ ètò ìkànìyàn, ìyà rẹ̀ sì pọ̀ fún àwọn àgbà tó jẹ́ pé ọdún tí wọ́n la títì ìlú ni wọ́n fi ń ka ọjọ́ orí wọn. Bàbá tó bí mi lọ́mọ lo ọjọ́ ìbí mẹ́ta láyé: ọ̀kan níbi iṣẹ́ kó má baà tètè fẹ̀yìn tì, ọ̀kan nínú káàdì ìdìbò, ọ̀kan tí ìyá rẹ̀ mọ̀. Nígbà yẹn, kò sí ẹ̀rọ tó ń fi wọ́n wéra. Tí wọ́n bá ti ní àwọn ti tún ti yín ṣe, ẹ má fi ẹnu lásán gbà á. Ẹ tẹ slip tuntun jáde, kí ẹ fi ojú ara yín rí Folasade lórí rẹ̀, kí ẹ tó fọwọ́ kan fọ́ọ̀mù pásípọ́ọ̀tù.

Ní ti owó, láti ọjọ́ kìíní oṣù kẹsàn-án ọdún 2025, ₦100,000 ni ìwé ọlọ́dún márùn-ún, olójú ewé 32. ₦200,000 ni ti ọlọ́dún mẹ́wàá, olójú ewé 64. Owó pẹ́pẹ̀pẹ́ díẹ̀ máa ń gorí rẹ̀ níbi ìsanwó, kò sì sí èyí tó lè sọ ọ́ di ₦180,000. Bí ẹ bá pín in, ₦20,000 lọ́dún kan ni méjèèjì, nítorí náà ti ọlọ́dún mẹ́wàá kò dín owó kù. Síbẹ̀, bí agbára bá gbé e, òun ni mo fara mọ́ fún yín, ìdí méjì sì ni. Ìwé olójú ewé 64 tó jẹ́ ₦70,000 kó tó di oṣù kẹsàn-án ọdún 2024 di ₦100,000 lóṣù náà, ọdún kan péré lẹ́yìn rẹ̀ ó di ilọ́po méjì. Ẹni tó gba ọlọ́dún mẹ́wàá nígbà yẹn ń rẹ́rìn-ín lónìí. Ìdí kejì wà lọ́wọ́ Kánádà: wọ́n lè fúnni ní físà tó gùn tó ọdún mẹ́wàá, ṣùgbọ́n físà wọn kì í kọjá ọjọ́ tí pásípọ́ọ̀tù bá parí. Ìdí nìyẹn tí ẹ ò fi gbọ́dọ̀ fi èyí tó ku oṣù mẹ́rin wá físà, kí ẹ ní ẹ ó ṣe pásípọ́ọ̀tù nígbà tí ẹ bá dé. Orílẹ̀-èdè púpọ̀ ni kì í tiẹ̀ wo ìwé tí kò bá ku oṣù mẹ́fà lẹ́sẹ̀. Kò dìgbà tó bá kú kí ẹ tó gba òmíràn. Bó bá sì jẹ́ pé ìrìn yìí nìkan lẹ fẹ́ rìn, tí owó àdìrẹ ò sì tíì wọlé, ọlọ́dún márùn-ún ò burú, ẹ má yáwó nítorí ẹ̀.

Orí passport.immigration.gov.ng ni kí ẹ ti ṣe é. Ẹ wo ìparí àdírẹ́sì yẹn dáadáa, nítorí àwọn ayédèrú ìkànnì pọ̀ tó ní àmì ẹyẹ idì àti àwọ̀ ewé, tó kàn jẹ́ pé .gov.ng ni kò sí níbẹ̀. Ohun mìíràn tí mo máa ń bá oníbàárà jà lé lórí ni ímeèlì. Àwọn ọmọ ṣọ́ọ̀bù máa ń fi ímeèlì àti nọ́ńbà fóònù tiwọn ṣí i fún ogún èèyàn. Lọ́jọ́ tí ìjà bá dé tàbí tó bá kó ṣọ́ọ̀bù lọ, nọ́ńbà ìwé yín ti bá a lọ nìyẹn, ẹ ò sì ní rí ibi tí ẹ máa fi tọpa ìwé yín. Ẹ lo ti yín, tàbí ti ọmọ yín tó wà ní Kánádà, ó kéré tán òun ò ní í sá fún yín. Níbi tí wọ́n bá ti ní kí ẹ mú ọ́fíìsì, ẹ rí i pé Abẹ́òkúta lẹ tẹ̀. Mo ti rí ará Òṣogbo tí wọ́n fi ọ́fíìsì Ìkòyí sí fún nítorí òun ló kọ́kọ́ jáde lójú kọ̀ǹpútà.

Ọwọ́ yín wá kù. Ẹni tó bá ń rẹ àdìrẹ, àwọ̀ aró kì í kúrò ní ìdí èékánná rẹ̀, mo sì mọ̀ pé omi eérú ń jẹ awọ ìka. Àwọn ìlà kéékèèké tí ẹ̀rọ ń wá níbẹ̀ ti lè parẹ́ díẹ̀, bíi ti bíríkìlà tí sìmẹ́ǹtì ti jẹ lọ́wọ́, bíi ti ìyá tó ń lọ ata. Mo jókòó ti aláró kan rí tí wọ́n tẹ àtàǹpàkò rẹ̀ ní ìgbà mọ́kànlá. Ẹ̀rọ náà á tan iná pupa, òṣìṣẹ́ á fi aṣọ nu gíláàsì, á ní “Ìyá, ẹ tẹ̀ ẹ́ díẹ̀ sí i,” pupa náà ni. Nígbà tó yá, ó ní kí wọ́n fi ìka pa iwájú orí wọn, kí òógùn ibẹ̀ lè mú un rọ̀. Ìgbà yẹn ni iná ewé tàn, gbogbo àwa tá a wà lórí ìlà sì pàtẹ́wọ́. Nítorí náà, ẹ yọ ọwọ́ kúrò nínú aró fún bí ọ̀sẹ̀ méjì, ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọṣẹ́ máa rẹ ẹ́. Lálaalẹ́, ẹ fi òrí pa ìka yín. Láàárọ̀ ọjọ́ náà, ẹ fi ọṣẹ fọ̀ ọ́ kúrò, torí ọ̀rá máa ń mú ojú gíláàsì dí. Ẹ má lé làálì o, ìgbéyàwó ẹnikẹ́ni ìbáà bọ́ sí ọ̀sẹ̀ náà. Gèlè náà ò yẹ fọ́tò yẹn. Bí ẹ bá sì ní físà kan nínú ìwé àtijọ́ tí kò tíì parí, ẹ sọ fún òṣìṣẹ́ kó tó gé ìwé náà, kó má baà kan ojú ewé yẹn.

Ọjọ́ tí ìwé máa jáde, mi ò ní í ṣèlérí rẹ̀ fún yín. Ní ọdún 2021, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni ìjọba sọ fún Reissue, síbẹ̀ mo ní oníbàárà tó dúró oṣù mẹ́jọ. Nígbà tí mínísítà tuntun pàṣẹ ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2023 pé kí wọ́n kó gbogbo èyí tó ti há tẹ́lẹ̀ kúrò, 204,332 ni wọ́n kà. Ọ̀rọ̀ ti sàn gan-an láti ìgbà yẹn, mo ti rí èyí tó jáde láàárín ọ̀sẹ̀ kan, mo sì ti rí èyí tó gba oṣù méjì nítorí orúkọ tí kò dọ́gba bíi tiyín. Ní ọdún 2025, wọ́n kó títẹ ìwé náà lọ sí ojú kan ṣoṣo ní Àbújá. Ìyẹn ni pé ẹni tó bá gba owó ẹ̀yìn lọ́wọ́ yín l'Abẹ́òkúta pé òun á bá yín sáré tẹ̀ ẹ́, ẹ̀rọ tó máa fi tẹ̀ ẹ́ ò sí lọ́dọ̀ rẹ̀. Ẹ bẹ̀rẹ̀ NIN lọ́sẹ̀ yìí, kí ẹ má sì jẹ́ kí ọmọ yín ra tíkẹ́ẹ̀tì títí ìwé àti físà yóò fi wà lọ́wọ́ yín.

Ọmọkùnrin ṣọ́ọ̀bù yẹn ò níláti pàdánù oúnjẹ tiẹ̀ pátápátá. Ẹ ní ẹ máa fún un ní owó iṣẹ́ rẹ̀ lọ́tọ̀, ₦5,000 tàbí jù bẹ́ẹ̀ díẹ̀, kí ẹ sì fi káàdì bánkì ara yín san ti ìjọba níṣojú yín. Ẹ mú jígí yín dání. Ẹ jókòó tì í, Reissue ni kó tẹ̀, kó tó sì tẹ ibi ìsanwó, kó fi ìka tọ́ka orúkọ yín lójú kọ̀ǹpútà ní lẹ́tà kọ̀ọ̀kan, kí ẹ máa kà á tẹ̀ lé e títí ẹ ó fi dé mẹ́jọ.